Ohùn Tó Ń Pe Orúkọ ní Pápá Chiayi: Ìgbésí Ayé Olóògbé Kang Siu-ha (1949–2022)

Ìlú Chiayi ni a bí olóògbé Kang Siu-ha sí ní ọdún 1949, ní ẹ̀yìn ilé ìlapákó, nínú ilé tí òórùn igi òkè Alishan kì í tán lára aṣọ. Bàbá wọn ni olóògbé Kang Thian-hok, ẹni tó fi gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀ la pákó, tí ìka méjì sì bá iṣẹ́ náà lọ. Ìyá wọn ni olóògbé Lau Gim-tsu, ọmọ àwọn tó ń hun ẹní. Olóògbé ni àkọ́bí. Àwọn tó tẹ̀ lé wọn kò dúró, àfi àbíkẹ́yìn, Kang Bun-seng, tí wọ́n pọ̀n dàgbà bí ẹni pọn ọmọ tiwọn. Àwa ẹbí la jókòó kọ èyí. Ìwé tí a kà kò pọ̀. Bí ẹ bá rí ibi tí a ti ṣì í sọ, ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá wa fọwọ́ bò ó.

Ní ọdún 1956 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Nígbà náà, ọmọ tó bá fi èdè ilé sọ̀rọ̀ ní kíláàsì, pátákó ni tíṣà máa ń so mọ́ ọn lọ́rùn títí ilẹ̀ yóò fi ṣú. Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni wọ́n so ó mọ́ olóògbé lọ́rùn. Láti ọjọ́ náà ni wọ́n ti ń fi ètè ṣọ́ ahọ́n wọn. Èdè ìjọba tí wọ́n ń sọ wá já gaara dé ibi pé àwọn ni ọ̀gá ilé ìwé ń pè láàárọ̀ kí wọ́n wá ka orúkọ àwọn tó pẹ́ dé. Ìwé mẹ́fà ni wọ́n kà. Àbúrò wọn dé, owó ilé ìwé kò sì dé.

Ní ọdún 1965 ni wọ́n gba iṣẹ́ ní ibùdókọ̀ bọ́ọ̀sì. Inú yàrá kékeré kan ni wọ́n máa ń jókòó sí, tí wọn yóò máa fi makirofóònù pe ọkọ̀ tó fẹ́ gbéra. Ó lé ní ọgbọ̀n ọdún tí wọ́n fi ń sọ fún àwọn ènìyàn pé kí wọ́n máa lọ. Àwọn fúnra wọn kì í lọ síbì kankan.

Ní ti ìgbéyàwó, ọdún 1973 ni wọ́n ṣe mọ̀-mí-n-mọ̀-ọ́ wọn pẹ̀lú Ong Tsui-liong, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ń pẹja lójú òkun jíjìn. A ti pín àkàrà òyìnbó ìdána kárí àdúgbò kí ọkọ̀ ojú omi rẹ̀ tó lọ sí apá gúúsù. Ọkọ̀ náà kò padà. A kò rí òkú, a kò gbọ́ ìròyìn. Nígbà tó yá, àwọn àgbà ní kí olóògbé fẹ́ ẹlòmíràn. Ohun tí wọ́n fi dá wọn lóhùn ni pé, "Ẹ jẹ́ kí ó kọ́kọ́ dé ná." A kò gbọ́ kí wọ́n tún sọ ju bẹ́ẹ̀ lọ lórí ọ̀rọ̀ náà títí ọlọ́jọ́ fi dé.

Ní ti ẹ̀sìn, ìránṣẹ́ Mazu ni wọ́n, òrìṣà ìyá tó ń ṣọ́ àwọn tó wà lójú omi. Òwúrọ̀ kì í mọ́ kí wọ́n má tan tùràrí. Ní ti ìlú, àwọn ni ohùn tí olórí àdúgbò ń lò bí àgbàlagbà kan bá ṣìnà tàbí bí omi ẹ̀rọ kò bá ní yọ. Ẹnikẹ́ni tó bá gbé àdúgbò wa rí ti gbọ́ wọn. Àwọn tó mọ ojú wọn ni kò pọ̀.

Ní ọdún 1998 ni ẹgbẹ́ bésíbọ́ọ̀lù Ẹfọ̀n fi Chiayi ṣe ilé, tí wọ́n sì gba olóògbé láti máa pe orúkọ àwọn agbábọ́ọ̀lù. Inú yàrá onígíláàsì kan tó wà lókè pátápátá ni wọ́n wà. Bí ẹnì kan bá gbé igi jáde láti wá gbá bọ́ọ̀lù, olóògbé yóò pe orúkọ rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì, lákọ̀ọ́kọ́ ní èdè ìjọba, lẹ́ẹ̀kejì ní èdè ilé. Ẹnì kankan kò pàṣẹ ìpè kejì yẹn fún wọn. Àwọn ló mú un wá, èrò fẹ́ràn rẹ̀, ilé iṣẹ́ sì gbà.

Ní àwọn ọdún àkọ́kọ́, Ẹfọ̀n kò rí ẹnì kan nà. Àga òfìfo ni olóògbé ń pe orúkọ fún. Lọ́jọ́ òjò, ajá ìgboro a máa pọ̀ ju èrò lọ nínú pápá. Síbẹ̀, wọ́n ń fa orúkọ ẹni tó gbá bọ́ọ̀lù ṣubú lánàá bí ẹni ń fa aṣọ ọmọ ọba.

Hok-a, tó ń ta ìrẹsì ẹran tòlótòló lẹ́nu ọ̀nà pápá, nìkan ló mọ̀ níbẹ̀ pé àwọn ló ni ohùn náà. Àwọn ọ̀dọ́kùnrin yóò jókòó ti olóògbé nídìí tábìlì kan náà, wọn yóò máa sọ pé, "Ọmọge tó ń pe orúkọ yẹn, ohùn ẹ̀ ń ṣe mí bákan. Tí mo bá rí i, màá fẹ́ ẹ lójú ẹsẹ̀." Hok-a yóò gbé abọ́ ọbẹ̀ wá, yóò tẹ̀ ba, yóò ní, "Àǹtí, ọkọ yín kan tún ti dé o. Ṣé kí n bu ọbẹ̀ fún un ni àbí kí n lé e?" Olóògbé yóò ní, "Jẹ́ kó jẹun tán ná, ó rù." Ẹni àádọ́ta ọdún lé díẹ̀ ni wọ́n nígbà náà. Wọn yóò jẹun tán, wọn yóò fọ abọ́ wọn fúnra wọn, wọn yóò gba ọ̀nà ẹ̀yìn lọ sílé.

Ọdún 2004 ni ọdún náà. Ẹ̀yin tí ẹ wà níbẹ̀ mọ̀ ọ́n. Ẹfọ̀n bẹ̀rẹ̀ sí í na àwọn ẹgbẹ́ yòókù. Nígbà tí oṣù kẹfà fi máa parí, àga kò tó mọ́. Agbábọ́ọ̀lù kọ̀ọ̀kan ní orin tirẹ̀, fèrè sì ń dún dé ọjà ẹja. Ní gbogbo eré tí a gbá nílé lọ́dún náà, olóògbé kò pa ọ̀kan jẹ. Wọ́n ní igbe èrò máa ń mú kí gíláàsì gbọ̀n débi pé, bí wọ́n bá gbé ọwọ́ lé e, ó ń dà bí ara ènìyàn tó ń mí.

Ẹni tí ìlú ń kọrin rẹ̀ jù ni Pan Ui-sin, ọmọ ẹ̀yà Amis láti etí òkun Taitung. Ẹ jẹ́ kí a sọ ọ̀rọ̀ orúkọ yìí díẹ̀díẹ̀, nítorí òun ni gbogbo rẹ̀. Pan Tiong-gi ni wọ́n ń pè é tẹ́lẹ̀. Orúkọ yẹn ló ń jẹ́ nígbà tí èjìká rẹ̀ ṣẹ́, tí ìṣẹ́ abẹ tẹ̀ lé ìṣẹ́ abẹ, tí ọdún méjì fi lọ láìgbá bọ́ọ̀lù kan. Ìyá ìyàwó rẹ̀ bá mú orúkọ náà lọ sọ́dọ̀ ẹni tó ń ka iye ilà tí a fi kọ orúkọ, tí yóò sì sọ ohun tó máa dé bá ẹni tó ń jẹ́ ẹ. Ẹni yẹn ní ilà inú Tiong-gi wúwo jù, òun ló ń tẹ èjìká. Wọ́n bá yí i padà sí Ui-sin níwájú ìjọba. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, Ui-sin ń gbá bọ́ọ̀lù kọjá ògiri. Báyìí ni gbogbo ìlú ṣe gbà pé àìsàn ló ń jẹ́ Tiong-gi. Ẹnì kan kì í pè é mọ́. A gbọ́ pé ìyá tó bí i gan-an, bí ó bá fẹ́ pè é lórí fóònù, á kọ́kọ́ dákẹ́ ná, kí ẹnu má baà ṣì.

Ìdíje àṣekágbá dé. Ẹgbẹ́ tó bá kọ́kọ́ jẹ eré mẹ́rin ni yóò gbé ife. Ẹfọ̀n ti jẹ mẹ́ta, èkejì ti jẹ méjì, eré kẹfà sì jẹ́ nílé wa. Bí a bá jẹ ẹ́, ó parí. Ó wá kan ìpele ìkẹyìn. Ayò kan péré ni wọ́n fi ń nà wá, ẹni tiwa kan sì ti wà lọ́nà tó ń dúró kí a gbá a wọlé. Pan Ui-sin gbé igi jáde.

Olóògbé pè é ní èdè ìjọba: Pan Ui-sin. Ó jáde dáadáa. Wọ́n mí. Wọ́n wá pè é ní èdè ilé, ẹnu wọn sì sọ pé: Pan Tiong-gi.

A kò mọ ohun tó fà á. Ọdún mélòó ni wọ́n fi pe orúkọ yẹn fún àga òfìfo. Bóyá ọ̀nà tí ẹsẹ̀ mọ̀ ni ẹsẹ̀ gbà. Ẹyin lọ̀rọ̀, ó sì ti bọ́. Wọ́n ní fèrè dákẹ́. Wọ́n ní Pan yíjú, ó gbójú sókè wo yàrá gíláàsì náà. Kò sí agbábọ́ọ̀lù tó wo ibẹ̀ rí. Olóògbé máa ń sọ pé nínú gbogbo ayé àwọn, ọjọ́ yẹn ni ènìyàn kọ́kọ́ wo àwọn tó bẹ́ẹ̀, ẹ̀rù ló sì wà lójú ẹni náà.

Bọ́ọ̀lù dáadáa mẹ́ta, èyí tó yẹ kó gbá, kọjá níwájú rẹ̀. Kò mi igi. Bí mẹ́ta bá kọjá bẹ́ẹ̀, ẹni náà ti kúrò nínú eré nìyẹn, òun sì ni ẹni ìkẹyìn tó kù fún wa. A pàdánù eré náà.

Òjò wá sún eré keje síwájú ní ọjọ́ kan, ọjọ́ náà sì gùn fún olóògbé. Rédíò ń sọ ọ́, ilé ìgẹrun ń sọ ọ́. "Obìnrin wo nìyẹn? Ta ló fi ẹnu burúkú sídìí makirofóònù?" Ebi mú wọn jáde. Nígbà tí wọ́n dé ọ̀dọ̀ Hok-a, ó fi ọwọ́ méjèèjì bo ìkòkò rẹ̀. "Àǹtí, ẹ jọ̀ọ́. Ẹ nawọ́ sí ohun tí ẹ bá fẹ́ ni o. Ẹ má dárúkọ ìrẹsì mi, kó má baà jóná." Àwọn tó wà níbẹ̀ kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà ni wọ́n wo olóògbé, tí wọ́n sì mọ̀ pé àwọn ni. Ẹnì kan gbé abọ́ rẹ̀ kúrò lórí tábìlì náà. Olóògbé nawọ́ sí ìrẹsì gẹ́gẹ́ bí Hok-a ṣe wí, wọ́n ní kí ó dì í, wọ́n sì gbé e lọ sílé. Àbúrò wọn lọ wò wọ́n ní ìrọ̀lẹ́, ó bá ìrẹsì náà nílẹ̀ níbẹ̀, wọn kò tú u.

Láàárọ̀ ọjọ́ eré keje, Ọ̀gbẹ́ni Teng, alábòójútó pápá, wá sílé wọn.

"Àǹtí Kang, ẹ sinmi lónìí. Ọmọbìnrin kan wà ní ọ́fíìsì tó lè kà á."

"Ó lè kà á, àbí?"

"Orúkọ ni, àǹtí. Orúkọ lásán ni."

"Tó bá jẹ́ orúkọ lásán ni, kí ló gbé ẹ wá sílé mi láàárọ̀ kùtù?"

Olóògbé wá sọ fún un wẹ́rẹ́ pé, bí àwọn kò bá pe orúkọ mọ́, kò sí ẹni tí àwọn ń bá sọ̀rọ̀ mọ́ láti àárọ̀ di alẹ́. Kò sí ẹ̀bẹ̀ mìíràn tí wọ́n bẹ̀ ẹ́. Àbúrò wọn wà nínú ilé ìdáná, ó gbọ́ ọ. Ọkùnrin yẹn wo bàtà rẹ̀, ó ní òun yóò ronú sí i, ó jáde.

Níbi àìsùn òkú yìí ni Ọ̀gbẹ́ni Teng ti wá sọ ìyókù fún wa. Ó ní bí òun ṣe dé pápá, Pan ti ń dúró de òun lẹ́nu ọ́fíìsì. Pan bi òun pé, "Ta ló ń pè mí lónìí?" Òun sọ ti ọmọbìnrin náà fún un. Ó ní, "Rárá. Ẹni tó ṣì mí pè ni kó tún mi pè. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, mi ò jáde." Ni wọ́n bá ránṣẹ́ pe olóògbé.

Kí eré tó bẹ̀rẹ̀, àtẹ̀gùn yàrá gíláàsì náà ń dún. Pan ló ń bọ̀, ó fi ìbọ̀sẹ̀ gun òkè kí ó má baà fi bàtà onírin ba pákó jẹ́. Ó dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ń wò wọ́n.

"Ẹ̀yin lẹ ni ohùn yẹn?"

"Èmi ni. Ọmọ mi, dárí jì mí."

"Áà! A rò pé ọmọge ni yín. Yàrá ìmúra wa pín sí méjì lórí ẹni tó máa fẹ́ yín."

Olóògbé ní ẹ̀rín bú jáde lẹ́nu àwọn láìròtẹ́lẹ̀, omijé sì bá a jáde. Wọ́n ní, "Ẹ lọ yanjú ẹ̀ láàárín ara yín. Ẹni tó bá lè fọ abọ́ ni mo fẹ́."

Òun náà rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà, ó jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ bí ọmọdé. "Àǹtí, ẹ̀rù bà mí lọ́jọ́ yẹn. Kì í ṣe nítorí orúkọ burúkú. Nígbà tí ẹ pè é, inú mi fẹ́ dáhùn. Tiong-gi kò kú, àǹtí. Òun ló ṣẹ́ léjìká. Òun ló dá wà ní ọsibítù. Nísinsìnyí tí nǹkan dùn, Ui-sin ni gbogbo ayé ń kí. Kò sí ẹni tó kí òun."

"Kí ni kí n wá ṣe? Èyí tó wà nínú ìwé ni òfin ní kí n pè."

"Ẹ pe èyí tó wà nínú ìwé. Ṣùgbọ́n kí ẹ tó pè é, ẹ kọ́kọ́ pe èkejì nínú ikùn yín."

Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe. Ẹ̀yin tí ẹ wà ní pápá lọ́jọ́ náà, ẹ ó rántí pé nígbà kọ̀ọ̀kan tí Pan bá jáde, ohùn náà kì í tètè dé. Ìdákẹ́ díẹ̀ á wà. Rédíò ní ẹ̀rù ló ń ba obìnrin náà, àwọn kan sì ń pariwo pé, "Má tún ṣì í o, ìyá!" A fẹ́ kí ẹ mọ̀ lónìí pé kì í ṣe ẹ̀rù. Wọ́n ń pe ẹnì kan ni.

Ní ìpele ìkẹyìn, ọ̀mì ni. Àwọn tiwa kún gbogbo ibùdó mẹ́tẹ̀ẹ̀ta tí a ń gbà kọjá kí a tó wọlé, kò sí àyè mọ́ lọ́nà. Pan jáde. Ìdákẹ́ náà gùn ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Lẹ́yìn náà, Pan Ui-sin ní èdè ìjọba. Pan Ui-sin ní èdè ilé, láìṣìnà. Pan kò mi igi. Bọ́ọ̀lù àkọ́kọ́ burú, ó yà kúrò lójú ọ̀nà, kò mi igi. Èrò ń ké pé kó gbá a, kó gbá a. Ó dúró. Bọ́ọ̀lù burúkú pé mẹ́rin. Ẹni tí a bá ju mẹ́rin burúkú sí, ẹsẹ̀ lásán ni yóò fi rìn lọ sí ibùdó àkọ́kọ́; gbogbo ẹni tó wà níwájú yóò sì sún síwájú. Ẹni tó wà ní ìkẹta rìn wọlé wọ́ọ́rọ́, ìyẹn sì ni ayò tó kù. Báyìí ni Chiayi ṣe gba ife, láìgbá bọ́ọ̀lù kankan.

Gbogbo ìlú dà sórí pápá. Olóògbé kò sọ̀ kalẹ̀. Ẹnì kan ní láti máa pe ìyá àgbà tó sọnù, kí ó sì sọ ibi tí bọ́ọ̀sì wà. Ìgbà tí pápá ṣófo ni wọ́n pa makirofóònù, tí wọ́n fi ìborùn bo ojú, tí wọ́n gba ẹnubodè ẹ̀yìn lọ sílé. Ẹnikẹ́ni kò mọ̀ pé Pan gun àtẹ̀gùn náà. Àwọn kò sọ ọ́ fún ìlú, òun náà kò sọ. Àwọn kan ṣì ń pe olóògbé ní ẹlẹ́nu burúkú fún ọ̀pọ̀ ọdún, etí wọn sì ń gbọ́ ọ.

Ọdún 2012 ni wọ́n fẹ̀yìn tì. Ní ọjọ́ kejì ọdún tuntun, ọjọ́ tí àwọn ọmọbìnrin tó ti relé ọkọ ń padà wá kí òbí wọn, ilẹ̀kùn olóògbé ni kì í sí ẹni tó ń kàn án. Ọjọ́ yẹn ni Pan ń yàn láti wá. Yóò gbé ẹja gbígbẹ láti Taitung wá, yóò jẹun, yóò fọ abọ́. Kò pa ọdún kan jẹ. Ní ọdún 2021, àìsàn mú ọ̀fun wọn, ohùn lọ. Wọ́n ń fi ọwọ́ sọ̀rọ̀, ọ̀pọ̀ wa kò sì gbọ́ ọwọ́ náà. Wọ́n dákẹ́ ní oṣù kẹta ọdún 2022, ní àárọ̀, nígbà tí nọ́ọ̀sì lọ bu omi. Kò sí ẹnì kankan lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn. A kò ní purọ́ níwájú yín pé a wà níbẹ̀.

Gẹ́gẹ́ bí àṣà, ọmọbìnrin tí kò relé ọkọ, orúkọ rẹ̀ kì í gbé orí pẹpẹ àwọn òkú ilé bàbá rẹ̀. Tẹ́ḿpìlì ni a ó gbé orúkọ wọn sí. Àwa kọ́ la ṣe òfin. A bẹ àwọn àgbà, wọ́n ní àwọn gbọ́; a kò mọ̀ bóyá gbígbọ́ náà jẹ́ bẹ́ẹ̀ ni.

Àwọn tó gbẹ̀yìn wọn ni: àbúrò wọn, Kang Bun-seng, aya rẹ̀, Ho Le-khim, àwọn ọmọ àbúrò, Kang I-ting àti Kang Phin-ju. Olóògbé kò ní ọkọ. Wọn kò ní ọmọ, wọn kò ní ọmọ ọmọ.

A kò mọ ibi tí a ó kọ Ọ̀gbẹ́ni Pan sí. Ó dé láti ọjọ́ àkọ́kọ́, ó wọ aṣọ ọ̀fọ̀, ó ń gbálẹ̀. A fẹ́ kọ ọ́ sí ọmọ, ẹ̀rù bà wá, nítorí ìyá rẹ̀ ṣì wà láyé, èèwọ̀ sì ni kí a kọ ọmọ alààyè sábẹ́ òkú ẹlòmíràn. A fẹ́ kọ ọ́ sí ọ̀rẹ́, ó kéré. Àbúrò olóògbé bá bi í léèrè nídìí ìgbálẹ̀ náà. Ó ní, "Bọ̀dá, ẹ má da ara yín láàmú. Ẹ kọ pé wọ́n pè mí, mo jẹ́."

Nítorí náà, a kọ ọ́ bẹ́ẹ̀.

Ẹni tí wọ́n pè, tó sì jẹ́: Pan Tiong-gi.

Ó tó gẹ́ẹ́, ọmọ Kang. Ẹ sinmi ohùn. Kí Mazu bá yín di ọwọ́ mú níbi tí omi bá ti jìn, kí ẹni tí ẹ dúró dè ti dé èbúté ṣáájú yín. Ìpè kù sọ́wọ́ àwa.